Ẹ Má Tíì Wẹ̀ Ẹ́

Àwọn kan máa ń sọ fún mi pé fíìmù kì í kọ́ èèyàn ní nǹkan gidi, pé ìran lásán ni. Fíìmù kan kọ́ ìyá mi lẹ́kọ̀ọ́, ẹ̀kọ́ náà dáa, kò lábùkù kankan. Lomé ni kò dáa. Àwa tá a yí i ká ni a ò dáa. Inú ṣì ń bí mi bí mo ṣe ń kọ ọ́ yìí, kí ẹnikẹ́ni má sì bẹ̀ mí pé kí n fọwọ́ wọ́nú.

Ní Amoutivé, àdúgbò kan nínú Lomé, ni ilé wa wà: bàbá mi, ìyá mi, ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin àtèmi. Bàbá bàbá mi ló ti ìhà Ògbómọ̀ṣọ́ wá ta aṣọ ní Lomé, tí kò padà mọ́. Bàbá mi, tí gbogbo ayé ń pè ní Alájì, kò ta aṣọ ní tiẹ̀. Pọ́ọ̀tù ló ti ń jẹun, ó ń bá àwọn oníṣòwò gba ẹrù wọn jáde lọ́wọ́ àwọn aṣọ́bodè. Ẹni tó bá ń ṣe irú iṣẹ́ yẹn gbọ́dọ̀ mọ bí wọ́n ṣe ń rẹ́rìn-ín sí ẹni tó wọ aṣọ ìjọba, bàbá mi sì mọ̀ ọ́n dáadáa. Ìyá mi ń ta abọ́ tánganran àti ike nínú ọjà ńlá. Ohùn rẹ̀ ròkè, ẹnu rẹ̀ mú, a ò sì tíì rí oníbàárà tó rẹ́ ẹ jẹ.

Ẹ̀gbọ́n mi ń ṣiṣẹ́ nílé àwọn Jámánì. Wọ́n ní ilé kan láàárín ìlú nígbà náà tí wọ́n ti ń kọ́ èèyàn ní èdè wọn, tí wọ́n sì ń fi fíìmù han ará ìlú láìgbowó. Òun ló ń yí ẹ̀rọ fíìmù níbẹ̀.

Fíìmù tí mò ń wí yìí ti pẹ́ gan-an, ti ìgbà tí sinimá ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ọ̀rọ̀ sísọ nílẹ̀ Jámánì ni. Dúdú àti funfun ni, ohùn àwọn tó wà nínú rẹ̀ sì ń dún bí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ látinú ìkòkò. Wọ́n bá bàbá arúgbó kan tó ń tún agogo ṣe lókùú nínú ṣọ́ọ̀bù rẹ̀. Gbogbo àdúgbò ní ó ṣubú ni, pé àgbà ló dé. Wọ́n ti fẹ́ gbé e. Ìgbà náà ni ọ̀gá ọlọ́pàá kan wọlé, ó ga, ó tín-ín-rín, ọ̀fìnkìn ń dà á láàmú. Ó nu imú, ó ní, "Ẹ má fọwọ́ kàn án." Ó kúnlẹ̀ ti òkú, ó wò ó láti orí dé ẹsẹ̀, ó wò ó pẹ́ débi pé àwa tá à ń wò ó bẹ̀rẹ̀ sí í mí kanlẹ̀. Ó wá rí i pé bí wọ́n ṣe so okùn bàtà òsì yàtọ̀ sí ti ọ̀tún. Ẹlòmíràn ló wọ bàtà náà fún bàbá yẹn lẹ́yìn tó ti kú. Okùn bàtà yẹn ló dì mú, tó ń fà díẹ̀díẹ̀, títí ó fi fà á dé ọ̀dọ̀ onílé tó pa á.

Èdè Jámánì ni wọ́n ń sọ, wọ́n kọ Faransé sí ìsàlẹ̀. Ìyá mi àti àwọn obìnrin àgbàlá wa kò gbọ́ ìkíní, wọn ò sì lè ka ìkejì. Nítorí náà, lọ́sàn-án ọjọ́ Àìkú tí ọjà bá sé, ẹ̀gbọ́n mi á kó wọn lọ, á tan ẹ̀rọ, á wá dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, á máa sọ ọ́ ní Yorùbá bó ṣe ń lọ. Yovó, òyìnbó tó jẹ́ ọ̀gá rẹ̀, gbà fún un. Ó ní bóun bá ń gbọ́ ariwo àwọn obìnrin yẹn lóun máa ń mọ̀ pé iṣẹ́ òun wúlò.

Ẹ̀gbọ́n mi kì í sì í túmọ̀ lásán, ó máa ń fi iyọ̀ sí i. Ọlọ́pàá Jámánì á nu imú tán, ẹ̀gbọ́n mi á ní ó sọ pé, "Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà ju èje lọ." Onílé á ní òun ò mọ nǹkan kan, ọlọ́pàá á ní, "Bí irọ́ bá lọ lógún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo lòótọ́ ó bá a." Àwọn obìnrin á pariwo, "Ẹ sọ fún un! Apààyàn! Ojú ẹ̀ rèé bí ojú ológbò!" Ìyá mi á dìde, á na ìka sí onílé lára ògiri.

"Ọ̀rọ̀ bàtà ni kẹ́ ẹ bi í! Bàtà!"

"Màmá, ẹ jókòó, ó ń bọ̀ níbẹ̀."

"Kó tètè máa bọ̀, mo gbé ọbẹ̀ kaná."

Ó wo fíìmù yẹn débi pé ó mọ ìgbà tí ọlọ́pàá fẹ́ sín. Ọlọ́fìnkìn ló sọ ọ́. Tí oníbàárà bá mú abọ́ tó ti fọ́ padà wá, tó ní bẹ́ẹ̀ lòun ṣe rà á, ìyá mi á gbé abọ́ náà sókè, á yí i po, á ní, "Jẹ́ kí n ránṣẹ́ pe Ọlọ́fìnkìn." Ṣùgbọ́n kì í ṣe ẹ̀rín nìkan ló rí níbẹ̀. Nígbà tá à ń bọ̀ nílé lọ́jọ́ kan, ó ní, "Atúnagogo lásán-làsàn. Kò lọ́mọ, kò láya. Ẹ wò ó bí wọ́n ṣe wádìí ẹ̀." Ẹ̀gbọ́n mi ní fíìmù ni, Màmá. Ó ní òun mọ̀ pé fíìmù ni, ṣé òun fọ́jú ni?

Ọdún yẹn ni ìlú dàrú. Àwọn ọmọ yunifásítì bọ́ sóde, àwa ọmọ lìsé, ilé ìwé girama, tẹ̀ lé wọn, kò sí ẹnu tí kò pe démokirasí. A fẹ́ kí ẹgbẹ́ òṣèlú pọ̀, a fẹ́ kí ọ̀gá tó ti wà lórí oyè kí wọ́n tó bí èmi gbọ́ ohùn ẹlòmíràn. Sójà ń fi tajútajú àti ìbọn dá wa lóhùn. Ọ̀rọ̀ ń lọ káàkiri pé wọ́n ń rí òkú nínú ọ̀sà. Rédíò ní àwọn tó rì ni, tàbí kó ní àwọn olè ni. Bàbá mi máa ń pa rédíò, á ní ká jẹun.

Ẹ̀gbọ́n mi kò sí lára àwọn tó bọ́ sóde lọ́jọ́ tó kú. Mi ò sọ ọ́ kí wọ́n lè káàánú rẹ̀ ju àwọn tó bọ́ sóde lọ. Bó ṣe rí ni mo ń sọ. Wọ́n tètè ti ilé àwọn Jámánì nítorí èéfín tajútajú, ó ń fẹsẹ̀ rìn bọ̀ nílé. Ọkọ̀ sójà yọ níkòríta, àwọn èèyàn sá, òun náà sá. Àwọn ọkùnrin àdúgbò ló fi ọmọlanke gbé e wá bá wa, ọmọlanke tí wọ́n fi ń ru ike ìyá mi lọ sọ́jà. Ẹ̀yìn ni ọta ti wọlé, lábẹ́ èjìká. Kò jáde níwájú. Ṣẹ́ẹ̀tì funfun ló wọ̀.

Mi ò mọ bí ẹkún ṣe pẹ́ tó. Mo kàn mọ̀ pé ilẹ̀ kò tíì ṣú nígbà tí àlùfáà dé pẹ̀lú àwọn ọkùnrin tó ń wẹ òkú ní mọ́sálásí wa, wọ́n gbé garawa omi àti aṣọ funfun dání. Bàbá mi ní kí wọ́n tètè ṣe é, kí sójà tó wá wá a dé ilé, torí wọ́n ti ń kó òkú lọ nílé àwọn míì. Wọ́n ti gbé ẹ̀gbọ́n mi sí ilé ìwẹ̀. Ìyá mi jókòó sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà ilé ìwẹ̀ náà, ó na ẹsẹ̀ méjèèjì dí i.

"Ẹ má tíì wẹ̀ ẹ́," ó ní.

"Ìyá, ẹ ṣe sùúrù," àlùfáà dáhùn. "Òkú mùsùlùmí kì í pẹ́ nílẹ̀, ẹ̀yin náà mọ̀."

"Ẹ lọ pe dókítà wá kó wò ó. Ọta ṣì wà nínú ẹ̀. Kí ẹnì kan tó mọ iṣẹ́ wò ó, kó sọ ohun tó rí, kẹ́ ẹ wá wẹ̀ ẹ́. Mi ò ní kẹ́ ẹ má sin ín. Mo ní kí wọ́n wò ó."

Àwọn obìnrin bẹ̀rẹ̀ sí í ké pé ọ̀fọ̀ ti yí i lórí. Ọ̀kan nínú wọn, aládùúgbò wa tó máa ń jókòó tì í nídìí fíìmù, tó jẹ́ pé ohùn tiẹ̀ ló máa ń ròkè jù tí wọ́n bá ń pariwo apààyàn, di apá rẹ̀ mú. Ó ní, "Ìyá, fíìmù nìyẹn o. Ọ̀rọ̀ òyìnbó nìyẹn." Ìyá mi wò ó. Ó bi í pé, "Ṣé òyìnbó nìkan ni wọ́n ń béèrè ohun tó pa á ni?"

Ló bá kọjú sí àlùfáà. Ó ní, "Ẹ̀yin lẹ ṣe é ní wáàsí, mo wà níbẹ̀. Ẹ ní ẹni tí wọ́n bá pa lójú ogun, wọn kì í wẹ̀ ẹ́, pé ẹ̀jẹ̀ ara ẹ̀ ló máa fi jẹ́rìí lọ́dọ̀ Ọlọ́run. Ẹ jẹ́ kó gbé ẹ̀jẹ̀ ẹ̀ lọ, tẹ́ ò bá fẹ́ pe dókítà."

Àlùfáà wo ẹnu géètì. Lẹ́yìn náà ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ó rẹ ohùn sílẹ̀, ṣùgbọ́n mo wà nítòsí, mo gbọ́ ọ. "Ìyá, tí mo bá sin ín láìwẹ̀, mo ti sọ fún gbogbo ìlú pé ogun ló pa á nìyẹn. Wọ́n á bi mí pé ta ló ń bá ta jà. Mi ò lè sọ ọ́. Èmi náà bímọ." Omijé wà lójú rẹ̀ bó ṣe ń sọ ọ́. Èèyàn búburú kọ́. Títí dòní, tí mo bá rántí ojú yẹn, inú á tún bẹ̀rẹ̀ sí í bí mi.

"Ẹ gbé e kúrò lẹ́nu ọ̀nà," bàbá mi pàṣẹ.

Wọ́n gbé e. Ìyá mi, tí kò sí ẹni tó lè tì í ní ṣọ́ọ̀bù rẹ̀, àwọn obìnrin gbé e bí ẹrù, ó ń ké, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ wò ó ná, ẹ wò ó ná!" Wọ́n wẹ ẹ̀gbọ́n mi dáadáa, bí Sharia ṣe ní kí wọ́n ṣe é. Omi tó gba ojú ihò ilé ìwẹ̀ jáde sí àgbàlá pọ́n, mo bu yanrìn dà lé e lórí. Aṣọ tó bá wà lọ́rùn òkú, àwọn awẹ̀kú ló ni í láàárín wa, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tó fẹ́ ṣẹ́ẹ̀tì yẹn. Bàbá mi fúnra rẹ̀ gbé e lọ sẹ́yìnkùlé, ó da kẹrosíìnì sí i, ó ṣáná sí i. Ó ní tí wọ́n bá bá a lọ́wọ́ wa, ó di ọ̀ràn. Wọ́n sin ẹ̀gbọ́n mi kí oòrùn tó wọ̀.

Àwọn èèyàn ń wá kí wa, wọ́n ń sọ pé Ọlọ́run ló mọ̀. Ìyá mi á ní, "Ọlọ́run mọ̀, àmọ́ mo fẹ́ kí ìjọba náà mọ̀." Ohun kan ṣoṣo ló ń wá láti ọjọ́ yẹn: kí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀, lórúkọ ìjọba, pé ìbọn ló pa ọmọ òun. Kò béèrè ìtanràn, kò ní kí wọ́n mú sójà kankan wá. Ilé àwọn Jámánì ti tì, yovó ti wọ ọkọ̀ òfúrufú lọ sílé. Àwa kò níbi tá a máa wọ ọkọ̀ lọ.

Afẹ́fẹ́ wá yí padà fúngbà díẹ̀. Wọ́n ṣe ìpàdé ńlá kan tí gbogbo ìlú ń gbọ́ lórí rédíò, àwọn èèyàn ń sọ ohun tẹ́nikẹ́ni ò jẹ́ sọ lójú àlá, wọ́n sì gbé ìgbìmọ̀ kékeré kan kalẹ̀ tí yóò máa gbọ́ ẹjọ́ àwọn tí wọ́n pa. Ìyá mi pa ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ tì, ó lọ jókòó lẹ́nu ọ̀nà wọn. Ọ̀dọ́mọkùnrin amòfin kan ló gbọ́ tiẹ̀, ó fi ọ̀wọ̀ wọ̀ ọ́, ó ń pè é ní Màmá. Ó bi í pé dókítà wo ló wò ó? Kò sí. Ọta ńkọ́? Ó wà nínú sàréè. Aṣọ tó wọ̀ ńkọ́? Ó ti jóná. Ìyá mi padà sílé, ó jókòó, ó ní, "Ọlọ́fìnkìn ì bá ti fi ilé ìwẹ̀ wa ṣe ọ́fíìsì."

Amòfin ní kí ó mú àwọn tó wẹ òkú wá jẹ́rìí. Ibi tí mo ti fẹ́ ya wèrè nìyẹn. Àwọn awẹ̀kú ní àwọn ò lè wá, pé òfin wà. Ohunkóhun téèyàn bá rí lára òkú nígbà ìwẹ̀, àṣírí ni, ẹni tó bá tú u ti dẹ́ṣẹ̀. Òótọ́ ni, òfin náà wà, òfin tó dáa sì ni: wọ́n ṣe é kí ẹnikẹ́ni má bàa rojọ́ kókó tàbí egbò tó wà lára aláìsí. Ihò ìbọn wá di àbùkù ara ẹ̀gbọ́n mi, tí àwọn olùfọkànsìn ń bá a bò láṣìírí. Mo lọ bá ọ̀kan nínú wọn nínú ọjà, mo sọ fún un pé ẹ̀rù ló ń bà á, kó má fi ẹ̀sìn bojú. Ó ní, "Ọmọ mi, lọ máa kàwé ẹ."

Ó wá ku bàbá mi. Amòfin ní bí ìyá àti bàbá bá jọ sọ ohun kan náà níwájú òun, òun á kọ ọ́. Bàbá mi kọ̀. Ìyá mi kò bá a sọ̀rọ̀ mọ́, ó ń gbé oúnjẹ rẹ̀ sílẹ̀ láìsọ pé ó ti jinná. Nígbà tí ìyẹn kò ṣiṣẹ́, ó kúnlẹ̀. Ìyá mi kúnlẹ̀! Ó ní, "Alájì, ẹ bá mi sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, mi ò tún ní béèrè nǹkan kan lọ́wọ́ yín láyé yìí." Bàbá mi ní òun ti gbọ́, òun á lọ.

Ṣùgbọ́n ká tó débẹ̀, sójà ti tún gba ìlú padà, kò sì sí ẹni tó rò pé ìgbìmọ̀ yẹn ṣì lágbára. Àwọn tó wà nínú rẹ̀ náà mọ̀. Nígbà tí àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta wọlé, ọkùnrin kan jókòó lẹ́bàá fèrèsé, kò wọ aṣọ ìjọba, ó ń ka ìwé ìròyìn. Bàbá mi rí i. Ó mọ̀ ọ́n ní pọ́ọ̀tù, kò sí ẹni tí kò mọ̀ níbẹ̀ pé ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ ìjọba ni. Amòfin náà mọ̀ ọ́n, torí kò gbójú sókè. Ó kàn bi bàbá mi pé, "Kí ló pa ọmọ yín, Alájì?"

Bàbá mi yọ fìlà, ó dé e padà. Ìyá mi ń wò ó, ẹnu rẹ̀ ń mì bí ẹni tó fẹ́ bá a sọ ọ́.

Ọkùnrin ẹ̀bá fèrèsé ká ìwé ìròyìn rẹ̀. "Bọ́njúù, Màmá," ó ní, ohùn rẹ̀ tutù. "Ẹ kú ará fẹ́ra kù. Ṣé ọmọ yín tó kù nìyí?" Ó rẹ́rìn-ín sí mi. Ó dárúkọ lìsé tí mò ń lọ kí n tó lanu. Ó ní ilé ìwé dáadáa ni, àmọ́ ọ̀nà ibẹ̀ jìn fún ọmọbìnrin.

Mo rò pé bàbá mi ló máa parọ́, mo ti ń múra àtikórìíra rẹ̀.

"Ibà ni," ìyá mi ní.

Amòfin gbójú sókè. "Màmá, ẹ̀yin lẹ sọ fún mi pé..."

"Mo ní ibà ni. Ibà ló pa á. Kọ ọ́."

Ó kọ ọ́. Mo ń gbọ́ bí bírò rẹ̀ ṣe ń họ lórí ìwé.

Nígbà tá a jáde, mo pariwo mọ́ ọn lójú pópó, lójú àwọn èèyàn. Mo ní, "Ẹ ti tà á! Gbogbo ohun tẹ́ ẹ ṣe, gbogbo ìkúnlẹ̀ yẹn, ẹ wá ti tà á!" Bàbá mi ti ṣíwájú, ó ń rìn bí aláìsàn. Ìyá mi kò gbá mi létí. Ó di ọrùn ọwọ́ mi mú, ó le débi pé ó dùn mí, kò sì jọ̀wọ́ rẹ̀ títí a fi dé Amoutivé. Lẹ́nu géètì ló tó sọ̀rọ̀. Ó ní, "Wọ́n ti wẹ ọ̀kan lójú mi. Mi ò lè jókòó ti ìkejì."

Ìdaṣẹ́dúró dé lẹ́yìn náà, ọjà tì, gbogbo ìlú tì, ìbọn tún bẹ̀rẹ̀, a sì gba ọ̀nà Avépozo létí òkun sá lọ sí ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀ pẹ̀lú ẹrù lórí. Ó pẹ́ kí n tó lè bá ìyá mi sọ̀rọ̀ bí ọmọ ṣe ń bá ìyá sọ̀rọ̀. Ìwé yẹn á ṣì wà níbì kan ní Lomé, tí ikán kò bá tíì jẹ ẹ́. Orúkọ ẹ̀gbọ́n mi wà níbẹ̀, ibà sì ni wọ́n kọ sí iwájú rẹ̀. Èmi nìyí, mo wà láàyè.